Mezcal, Mole àti Kòkòrò Tó Ń Pa Òwú Láró: Kí Gan-an Ló Wà Nínú Túọ̀ Ọlọ́jọ́ Kan ní Oaxaca?

Béèyàn bá ti fi fóònù wá ọ̀rọ̀ Mẹ́síkò lẹ́ẹ̀kan péré, ìpolówó túọ̀ ò ní jẹ́ kó sinmi mọ́, pàápàá látìgbà tí wọ́n ti ń sọ̀rọ̀ Ife Àgbáyé 2026 tí Mẹ́síkò, Amẹ́ríkà àti Kánádà jọ gbà lálejò. Ohun tí wọ́n sábà máa ń kọ síbẹ̀ ni pé ọjọ́ kan ṣoṣo ni, ọkọ̀ á wá gbé yín ní hòtẹ́ẹ̀lì láàárọ̀, ẹ ó rí àwọn oníṣẹ́ ọwọ́, ẹ ó jẹ oúnjẹ ìbílẹ̀, ẹ ó tọ́ mezcal wò, wọ́n á dá yín padà nírọ̀lẹ́. Àwọn èèyàn wa tó wà ní Houston, Atlanta àti London máa ń bèèrè ìbéèrè kan náà lórí ẹ̀ ṣáá: ṣé tequila náà ni mezcal? Kí ni kòkòrò ń wá nínú ìgò ọtí? Kí ló dé tí kápẹ́ẹ̀tì tí ò ju ẹní ìjókòó lọ fi gbówó lórí báyẹn? Ṣé ọbẹ̀ ṣokoléètì ni wọ́n ń jẹ lóòótọ́? Ẹ jẹ́ ká tú u palẹ̀ ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, torí ẹni tí ò mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe àwọn nǹkan wọ̀nyí, fọ́tò nìkan ló máa yà bọ̀, ayédèrú ló sì máa rà.

Ibo là ń sọ gan-an?

Oaxaca là ń sọ, Wa-ha-ka ni wọ́n ń pè é. Ìpínlẹ̀ kan ni ní gúúsù Mẹ́síkò, olú ìlú ẹ̀ náà ń jẹ́ Oaxaca. Àwọn Zapotec ló ni àfonífojì tó yí ìlú yẹn ká, wọ́n ti wà níbẹ̀ fún ẹgbẹ̀rún ọdún mélòó kan kí àwọn ará Sípéènì tó dé, ọ̀pọ̀ nínú wọn ṣì ń sọ èdè Zapotec nílé dòní. Ní 1987 ni UNESCO kọ orúkọ àárín ìlú náà àti Monte Albán, ìlú àtijọ́ tó wà lórí òkè lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀, mọ́ àwọn ibi àjogúnbá gbogbo ayé.

Ohun tó jẹ́ kí túọ̀ ọlọ́jọ́ kan ṣeé ṣe níbẹ̀ ni pé abúlé kọ̀ọ̀kan ló ní iṣẹ́ tiẹ̀. Teotitlán del Valle ń hun, San Bartolo Coyotepec ń mọ ìkòkò, San Martín Tilcajete ń gbẹ́ igi, Santiago Matatlán ń pọn ọtí, wọn ò sì jìnnà síra wọn. Iṣẹ́ ìdílé ni gbogbo ẹ̀, inú àgbàlá ilé ni wọ́n ti ń ṣe é, ọmọ ń kọ́ ọ lọ́wọ́ ìyá àti bàbá, torí náà tí gáìdì bá mú yín wọlé, ilé ẹni lẹ wọ̀ yẹn o, kì í ṣe fákítìrì.

Kí ni mezcal?

Ọtí líle ni. Ohun ọ̀gbìn kan tó ń jẹ́ agave ni wọ́n fi ń ṣe é, maguey làwọn ará ibẹ̀ máa ń sábà pè é, ewé ẹ̀ nípọn, ó gùn, ó ní ẹ̀gún ṣóńṣó. Ẹni tó bá mọ ìyàtọ̀ tó wà láàárín ẹmu àti ògógóró ti mọ ìdajì ọ̀rọ̀ yìí. Kí àwọn ará Sípéènì tó dé làwọn èèyàn Mẹ́síkò ti ń fa omi inú agave mu, pulque lorúkọ ẹ̀, ó ń kan fúnra ẹ̀ bí ẹmu ṣe ń kan, kò sì fi bẹ́ẹ̀ le. Mezcal ti kọjá ìyẹn, ó ti la iná kọjá, wọ́n sè é títí oru fi jáde, wọ́n mú oru yẹn tutù, ó padà di omi, bí wọ́n ṣe ń sọ ẹmu di ògógóró gẹ́lẹ́. Ibi tí wọ́n ti yàtọ̀ síra ni pé wọn kì í fi omi tútù tí wọ́n fà lára agave ṣe mezcal, àárín ẹ̀ tí wọ́n ti sun jinná ni wọ́n ń lò.

Àsìkò gan-an lẹ máa rí níbi ìpọntí yẹn, palenque ni wọ́n ń pè é ní Oaxaca. Agave tó wọ́pọ̀ jù, espadín, máa ń lo bí ọdún 6 sí 8 nínú ilẹ̀ kó tó gbó. Tó bá gbó, ó fẹ́ yọ òdòdó gíga kan láàárín, tí wọ́n bá sì jẹ́ kó yọ ọ́, òdòdó yẹn ló máa jẹ gbogbo adùn inú ẹ̀ tán, ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń tètè gé e kí adùn lè dúró sísàlẹ̀. Wọ́n á wá fi àdá ṣá gbogbo ewé kúrò, á ku àárín ẹ̀ roboto, piña ni wọ́n ń pè é, ó lè wúwo ju àpò sìmẹ́ńtì lọ. Wọ́n á gbẹ́ kòtò ńlá, wọ́n á dáná igi sínú ẹ̀, wọ́n á kó òkúta lé e títí òkúta á fi pọ́n, wọ́n á wá to piña lé òkúta yẹn, wọ́n á bò ó pa, wọ́n á da erùpẹ̀ lé e, á wà níbẹ̀ fún ọjọ́ mélòó kan. Òórùn èéfín tẹ́ ẹ máa gbọ́ nínú mezcal, inú kòtò yẹn ló ti wá, kò sẹ́ni tó bu nǹkan kan sí i.

Tí wọ́n bá hú u jáde, ó ti dì bí oyin, ó dùn, wọ́n sábà máa ń já díẹ̀ fún àlejò kó jẹ, ẹ má kọ̀ ọ́. Wọ́n á kó o sí abẹ́ òkúta ńlá roboto kan tó ń jẹ́ tahona, ẹṣin á máa fà á yí po títí á fi fọ́. Ó di inú àgbá onígi nìyẹn, wọ́n á bu omi sí i, wọ́n á fi í sílẹ̀ fún ọjọ́ mélòó kan kó máa hó, kó máa kan, ohun tó ń mú un kan wà nínú afẹ́fẹ́ fúnra ẹ̀, wọn kì í ra yíìsì. Lẹ́yìn náà ni ìkòkò bàbà, ẹ̀ẹ̀mejì ni wọ́n sábà máa ń sè é. Ní Santa Catarina Minas, ìkòkò amọ̀ ni wọ́n ń lò dípò bàbà, ó lọ́ra, ó sì máa ń fọ́, síbẹ̀ wọn ò jáwọ́. Ohun tó kọ́kọ́ jáde le jù, ohun tó gbẹ̀yìn ò lágbára, olórí apọntí ló máa yà wọ́n sọ́tọ̀ tó sì máa pò wọ́n dé ibi tó fẹ́. Bí wọ́n ṣe ń mọ̀ pé ó ti tó ni pé wọ́n á da díẹ̀ láti òkè sínú igbá kékeré, wọ́n á wá wo bí ìfóòfó ẹ̀ ṣe tóbi tó àti bó ṣe pẹ́ tó kó tó pòórá. Ojú lásán ni wọ́n fi ń wò ó.

Espadín ṣì rọrùn, torí wọ́n ń gbìn ín. Tobalá lè lo ọdún 10 sí 15 kó tó gbó, orí òkè nínú òjìji igi ló sì fẹ́ràn láti máa hù, tepeztate lè lo tó ọdún 25. Bẹ́ ẹ bá sì ti gé e báyìí, ó kú nìyẹn, kì í tún rúwé mọ́. Tí ẹnì kan bá wá ń ta ìgò tepeztate fún yín ní owó bíà, ẹ bi ara yín léèrè ẹni tó dúró fún ọdún 25 torí owó yẹn.

Ṣé tequila náà ni?

Ẹbí ni wọ́n. Láyé àtijọ́ mezcal ni gbogbo wọn ń jẹ́, èyí tí wọ́n ń pọn ní agbègbè ìlú Tequila ló wá gba orúkọ ìlú náà. Ìjọba Mẹ́síkò wá fi òfin dáàbò bo orúkọ tequila ní 1974, wọ́n ṣe bẹ́ẹ̀ fún mezcal ní 1994. Tequila, oríṣi agave kan ṣoṣo ni òfin gbà láyè, èyí aláwọ̀ búlúù, ìpínlẹ̀ Jalisco àti apá kan nínú ìpínlẹ̀ mẹ́rin míì ló sì gbọ́dọ̀ ti wá. Mezcal lè ti ara ọ̀pọ̀ oríṣi agave wá, Oaxaca ló ń ṣe èyí tó pọ̀ jù.

Ohun tí ọ̀pọ̀ èèyàn ò mọ̀ rèé: bí wọn ò bá kọ 100% agave sára ìgò tequila, òfin gbà pé kí tó ìdá 49 nínú ọgọ́rùn-ún ṣúgà tí wọ́n fi pọn ọ́n wá láti ibòmíì, bí ìrèké. Mezcal ò láyè yẹn rárá, agave nìkan ni. Ọ̀nà tí wọ́n ń gbà sè é náà yàtọ̀, ilé iṣẹ́ tequila tó pọ̀ jù ń lo ẹ̀rọ oru gbígbóná, wọn kì í lo kòtò, ìdí nìyẹn tí tequila ò fi lóòórùn èéfín.

Kòkòrò inú ìgò ńkọ́?

Ìdin labalábá kan tó ń jẹ agave ni. Kì í ṣe àṣà àwọn Zapotec láti máa fi í sínú ìgò, ọgbọ́n ìtajà tó bẹ̀rẹ̀ ní nǹkan bí 1950 ni, kò sọ ọtí di gidi, kò sì ní yí yín lórí ju bọ́tí ṣe máa yí yín lọ. Níbi tí kòkòrò yẹn ti ní iyì lóòótọ́ ni inú iyọ̀. Wọ́n á yan án, wọ́n á lọ̀ ọ́ mọ́ iyọ̀ àti ata gbígbẹ, wọ́n á wọ́n ọn sórí ọsàn tí wọ́n gé, ẹ ó máa jẹ ẹ́ díẹ̀díẹ̀ bẹ́ ẹ ṣe ń mu. Ẹ gbìyànjú ẹ̀, ó dùn.

Bẹ́ẹ̀ ni o, díẹ̀díẹ̀ ni wọ́n ń mu mezcal. Ẹ má gbé e dà sọ́nà ọ̀fun lẹ́ẹ̀kan náà. Ìdá 45 sí 50 nínú ọgọ́rùn-ún ni ọtí inú èyí tí wọ́n ń ṣe ní abúlé sábà máa ń jẹ́, Oaxaca sì ga tó mítà 1,500 sókè òkun, oòrùn ń mú, ife kékeré mẹ́fà ni wọ́n lè tò síwájú yín láàárọ̀ kùtù. Ẹ jẹun kẹ́ ẹ tó débẹ̀, ẹ má sì fi ọkọ̀ tẹ́ ẹ máa wà fúnra yín lọ.

Kí lèèyàn máa wò lára ìgò?

Òfin kan tí wọ́n ṣe ní 2016 pín mezcal sọ́nà mẹ́ta. Tó bá jẹ́ Mezcal nìkan ni wọ́n kọ, ẹ̀rọ ńláńlá lè ti ṣe gbogbo iṣẹ́ náà. Tó bá jẹ́ Mezcal Artesanal, wọ́n lè fi ẹ̀rọ lọ̀ ọ́, àmọ́ inú kòtò tàbí ààrò ni wọ́n ti sun ún. Ancestral ni òfin ẹ̀ le jù, kòtò nìkan, kò sí ẹ̀rọ ìlọ̀, ìkòkò amọ̀ ni wọ́n sì máa ń fi sè é. Ẹ wo orúkọ oríṣi agave, orúkọ abúlé àti orúkọ ẹni tó pọn ọ́n. Ìgò tí ò bá ní èyíkéyìí nínú ẹ̀, èmi ò ní rà á.

Ẹ ó rí àwọn kan tí wọ́n kọ Destilado de agave sí, kò sí ọ̀rọ̀ mezcal lára ẹ̀ rárá. Ẹ má rò pé ayédèrú ni. Ìwé àṣẹ tó ń jẹ́ kéèyàn lè lo orúkọ mezcal ń náni lówó, wàhálà ẹ̀ sì pọ̀, àwọn ìdílé kan tí bàbá bàbá wọn ti ń pọntí kò rówó ẹ̀ san, àwọn míì ò tiẹ̀ fẹ́ gbà á. Ó ń dùn mí pé ẹni tó ti jogún iṣẹ́ yìí látọdún gbọọrọ ò lè kọ orúkọ iṣẹ́ ẹ̀ sára ìgò tiẹ̀, bẹ́ẹ̀ náà lòfin ṣe wí. Bọ́tí inú ẹ̀ bá dáa lẹ́nu yín, ẹ rà á lọ́wọ́ wọn.

Kápẹ́ẹ̀tì Teotitlán: kí ló ń mówó ẹ̀ ga?

Teotitlán jìnnà sí Oaxaca tó kìlómítà 30. Wọ́n ti ń hunṣọ níbẹ̀ kí àwọn ará Sípéènì tó dé, òwú ni wọ́n ń hun nígbà yẹn lórí òfì tí wọ́n ń so mọ́ ìbàdí, àwọn ará Sípéènì ló kó àgùntàn àti òfì ẹlẹ́sẹ̀ dé, látìgbà yẹn ló ti di kápẹ́ẹ̀tì onírun àgùntàn. Wọ́n á fọ irun náà, wọ́n á yà á, wọ́n á ran án di òwú lọ́wọ́, wọ́n á pa á láró, ìgbà yẹn ni híhun ṣẹ̀ṣẹ̀ fẹ́ bẹ̀rẹ̀. Kápẹ́ẹ̀tì ńlá kan lè gba oṣù mélòó kan.

Ibi tó máa ń yani lẹ́nu jù ni aró pupa. Kòkòrò kékeré kan ló wà níbẹ̀, cochinilla, orí ọrọ́ kan tó ń jẹ́ nopal ló ń gbé, abo ẹ̀ nìkan ni wọ́n ń lò. Wọ́n á ṣa á kúrò lára ọrọ́, wọ́n á sá a, á gbẹ dà bí èso wẹ́wẹ́, wọ́n á lọ̀ ọ́ lórí ọlọ. Kì í ṣe ẹ̀jẹ̀ ló ń pọ́n bẹ́ẹ̀ o. Èròjà kan wà lára kòkòrò náà tí ẹranko míì ò fẹ́ràn, òun ló fi ń gba ara ẹ̀ lọ́wọ́ àwọn tó fẹ́ jẹ ẹ́, èròjà yẹn gan-an ni aró. Ahunṣọ á bu díẹ̀ sí àtẹ́lẹwọ́, á fún ọsàn wẹ́wẹ́ sí i, á di pupa tó ń tàn yòò, á tún bu cal sí i, ìyẹn ìyẹ̀fun funfun tí wọ́n ń rí lára òkúta sísun, á di àlùkò lójú yín níbẹ̀. Kíkan ọsàn ló ń fà á lọ sí pupa, òdìkejì ẹ̀ ló ń fà á lọ sí àlùkò.

Nígbà ìjọba Sípéènì, yàtọ̀ sí fàdákà, kò sóhun tó ń mówó wọlé láti Mẹ́síkò tó kòkòrò yìí. Ó ń gba bí 70,000 kòkòrò gbígbẹ kí ìwọ̀n pọ́n-ùn kan tó pé. Ẹ wá fi ojú ìyẹn wo owó kápẹ́ẹ̀tì. Aró kẹ́míkà tó ń jáde nínú ike rọrùn, ó sì pọ̀ ní Oaxaca, kò sóhun tó burú níbẹ̀ bí ẹni tó ń tà á bá sọ òtítọ́. Tí wọ́n bá ní aró ìbílẹ̀ ni, ẹ ní kí wọ́n fi ìkòkò aró hàn yín, kí wọ́n sọ ohun tó wà nínú ẹ̀ àti bí wọ́n ṣe rí yẹ́lò yẹn, bí wọ́n ṣe rí búlúù yẹn. Ẹni tó ṣe é fúnra ẹ̀ ò ní ṣíwọ́ àlàyé.

Ìkòkò dúdú àti àwọn ẹranko aláwọ̀ mèremère

Ìkòkò dúdú San Bartolo ò gbọ́ ọ̀dà rí. Amọ̀ ibẹ̀ àti èéfín ló ń sọ ọ́ dúdú, wọ́n á dí ojú ààrò kí afẹ́fẹ́ má wọlé. Tẹ́lẹ̀ eérú ni àwọ̀ ẹ̀, kò dán. Ní nǹkan bí 1950 sí 1959 ni ìyá kan níbẹ̀, Rosa Real, Doña Rosa ni wọ́n ń pè é, rí i pé tóun bá fi òkúta dán amọ̀ náà kó tó gbẹ tán, tóun ò sì jẹ́ kí iná ẹ̀ pọ̀ jù, á jáde tó ń dán gbinrin. Ìyá yìí kú ní 1980, gbogbo abúlé ló ń jẹ nínú ọgbọ́n yẹn. Àmọ́ ẹ má bu omi sínú ẹ̀ o! Iná kékeré tó jẹ́ kó dán ni kò jẹ́ kó le tó, omi á máa yọ lára ẹ̀. Ẹ̀ṣọ́ ilé ni. Èyí tó rí bí eérú, tí ò dán, òun ló ń gba omi dúró.

Àwọn ẹranko onígi tí wọ́n ń pè ní alebrije, ọ̀rọ̀ wọn kúrú. Oníṣẹ́ bébà kan ní Ìlú Mẹ́síkò, Pedro Linares, ló kọ́kọ́ ṣe alebrije lẹ́yìn àìsàn kan ní 1936, tó lálàá rí àwọn ẹranko tí kò sí láyé. Àwọn agbẹ́gilére Oaxaca, tí Manuel Jiménez ti Arrazola ṣáájú wọn, ló wá fi igi copal ṣe tiwọn. Èyí túmọ̀ sí pé kì í ṣe nǹkan ayé Zapotec àtijọ́, bí gáìdì kan bá ní ó ti wà láti ẹgbẹ̀rún ọdún, ẹ kàn máa gbọ́. Ẹwà ẹ̀ ò dín kù nítorí ìyẹn.

Ṣé ọbẹ̀ ṣokoléètì ni mole?

Rárá o. Mole jẹ́ ọbẹ̀ tí wọ́n fi ata gbígbẹ, èso, irúgbìn àti èròjà olóòórùn lọ̀ pọ̀, wọ́n máa ń ní méje ni Oaxaca ní: dúdú, pupa, yẹ́lò, aláwọ̀ ewé, coloradito, chichilo àti manchamanteles. Nínú èyí dúdú pàápàá ni ṣokoléètì máa ń wà, ìwọ̀nba díẹ̀ ni, àárín nǹkan tó lè lé ní ogún: sẹ́sáámù, álímọ́ńdì, ọ̀gẹ̀dẹ̀, tòmátì, kànáfùrù, àtàwọn míì. Ohun tó sọ ọ́ dúdú ni ata tí wọ́n yan títí ó fi fẹ́rẹ̀ẹ́ jóná. Ẹni tí ò bá mọ̀ ọ́n yan, á korò. Ọjọ́ ìnáwó ni wọ́n ń sè é, ọ̀pọ̀ obìnrin ló máa ń jókòó tì í.

Abẹ́ gbogbo oúnjẹ yẹn, àgbàdo ló wà. Mẹ́síkò ni àgbàdo ti ṣẹ̀ wá sí gbogbo ayé, títí dé inú ẹ̀kọ tiwa, ọkọ̀ òkun òyìnbó ló gbé e dé Áfíríkà lẹ́yìn 1492. Nínú ihò àpáta kan tó ń jẹ́ Guilá Naquitz, lẹ́bàá ìlú Mitla, ni wọ́n ti rí kùùkù àgbàdo tó ti lé ní ọdún 6,000, ọ̀nà táwọn ọkọ̀ túọ̀ ń gbà kọjá nìyẹn. Wọn kì í kàn lọ àgbàdo bẹ́ẹ̀. Wọ́n á fi omi àti cal sè é, á sùn mọ́jú nínú ẹ̀, wọ́n á fọ̀ ọ́ kí èèpo ẹ̀ lè ṣí, ìgbà yẹn ni wọ́n á tó lọ̀ ọ́. Cal yẹn ló ń jẹ́ kó mọ́ra wọn tí wọ́n bá pò ó, ó sì ń tú fítámì kan sílẹ̀ tí ara èèyàn ò bá má rí gbà, àwọn tó jẹ àgbàdo nìkan láìṣe bẹ́ẹ̀ nílẹ̀ Yúróòpù nígbà kan ṣàìsàn pellagra.

Wọ́n á fún yín ní chapulines, tata yíyan tí wọ́n fi ọsàn wẹ́wẹ́ àti ata sí. Tí wọ́n bá ń ta tejate, ẹ mu ún, àgbàdo àti kòkó ni, ìfóòfó funfun máa ń bo ojú ẹ̀.

Ọjọ́ wo, ọ̀nà wo, ta ló ń gba owó?

Ọ̀nà méjì ló wà, túọ̀ tó bá ní òun á rìn ín pọ̀ lọ́jọ́ kan, eré sísá ni. Apá ìlà-oòrùn ní igi Tule, tí ìdí ẹ̀ wà lára èyí tó tóbi jù láyé, ó tún ní Teotitlán, Mitla àti Matatlán. Apá gúúsù ní ìkòkò dúdú àti àwọn agbẹ́gilére. Ẹni tó fẹ́ mezcal àti kápẹ́ẹ̀tì, apá ìlà-oòrùn ni kó lọ, kó sì mú ọjọ́ Sunday, torí ọjọ́ yẹn ni ọjà Tlacolula. Tó bá jẹ́ gúúsù, Friday ni ọjà Ocotlán.

Ẹ bi ilé iṣẹ́ túọ̀ kẹ́ ẹ tó sanwó: abúlé wo, ilé ta, iṣẹ́jú mélòó lẹ máa lò níbẹ̀, ṣé gáìdì ń gba kọmíṣọ̀n lórí ohun tẹ́ ẹ bá rà? Ọ̀pọ̀ ń gbà á, inú owó oníṣẹ́ ọwọ́ ló sì ti ń jáde. Ẹ má ná ọjà ahunṣọ jù, ẹ mú owó peso ní kéṣì, torí káàdì kì í fi bẹ́ẹ̀ ṣiṣẹ́ ní abúlé.

Tẹ́ ẹ bá fẹ́ gbé mezcal wọ bàálù, inú báàgì tí wọ́n ń kó sísàlẹ̀ ló máa lọ, ẹnì kan lè gbé tó lítà 5 níwọ̀n ìgbà tí agbára ẹ̀ ò bá kọjá ìdá 70 nínú ọgọ́rùn-ún tí wọn ò sì tíì ṣí ìgò. Ìkòkò dúdú ni kẹ́ ẹ gbé lọ́wọ́, ẹ fi aṣọ wé e dáadáa, torí ó tètè máa ń fọ́.